Renaissance du Bénin: Ẹgbẹ́ Òṣèlú tí Amòfin Obìnrin Kan Dá Sílẹ̀ ní Kútọnú

Renaissance du Bénin, tí gbogbo èèyàn mọ̀ sí RB, ni ẹgbẹ́ òṣèlú tí Rosine Vieyra Soglo dá sílẹ̀ ní oṣù kẹta ọdún 1992, ọdún méjì péré lẹ́yìn tí orílẹ̀-èdè Benin kọ ìlànà Marx àti Lenin sílẹ̀. Iṣẹ́ òfin ni olùdásílẹ̀ náà kọ́, ìyàwó Ààrẹ sì ni nígbà náà. Ọkọ rẹ̀ tó wà lórí àlééfà kò ní ẹgbẹ́ kankan. Ìgbà tó di 1994 ni Ààrẹ tó wá wọ inú ẹgbẹ́ tí ìyàwó rẹ̀ ti gbé dúró. Èyí kò wọ́pọ̀ ní Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà, níbi tó jẹ́ pé ẹni tó bá gorí àga ìjọba ló máa ń dá ẹgbẹ́ sílẹ̀, tí ìyàwó á sì wá di olórí ẹ̀ka àwọn obìnrin. Ìtàn RB kò ṣeé yà kúrò lára ìtàn ìdílé Soglo: ibẹ̀ ni agbára ẹgbẹ́ náà ti wá, ibẹ̀ náà sì ni àìlera rẹ̀ fara pamọ́ sí.

Ọjọ́ 26 oṣù kẹwàá ọdún 1972 ni ọ̀gágun Mathieu Kérékou, ọmọ àríwá, fipá gba ìjọba ilẹ̀ tó ń jẹ́ Dàhómì nígbà náà. Ní ọjọ́ 30 oṣù kọkànlá 1974, ó kéde ní Abomey pé ọ̀nà Marx àti Lenin ni ìlú yóò máa tọ̀. Nígbà tó pé ọdún kan géérégé, ó pa orúkọ Dàhómì rẹ́, ó sì sọ ilẹ̀ náà di Benin. Ẹgbẹ́ kan ṣoṣo ni òfin gbà, ìyẹn PRPB. Ẹni tí kò bá sí nínú rẹ̀ kò ní ibi tí yóò ti sọ̀rọ̀ òṣèlú àfi nínú yàrá rẹ̀, àwọn tó sì sọ ọ́ sókè dé ẹ̀wọ̀n tàbí wọ́n sá kúrò nílùú. Báńkì, ilé iṣẹ́ àti òwò ńláńlá bọ́ sọ́wọ́ ìjọba.

Ohun tó gbé ètò náà ṣubú kò jìnnà sí ọjà Nàìjíríà. Ara ẹrù tí wọ́n ń já sí èbúté Kútọnú, tó ń gba ibodè Sẹ̀mẹ̀ kọjá wá sí Èkó, ni Benin ti ń jẹun. Nígbà tí ìjọba ológun Muhammadu Buhari ti ibodè ní 1984, tí wọn kò sì ṣí i títí di 1986, ọrọ̀ ajé Benin fẹ́rẹ̀ẹ́ dákú. Ẹni tó bá ń gbé Coconut ní Apapa, níbi tí ọkọ̀ àjàgbé ti ń tò lọ sí èbúté Tin Can, tàbí tó ń ṣòwò ní Ajégúnlẹ̀ ní tòsí ibẹ̀, kò nílò àlàyé púpọ̀ lórí bí èbúté ṣe ń bọ́ ìlú. Ọ̀nà kan náà ló lọ láti Mile 2, ó gba Àgbádárìgì, ó dé Sẹ̀mẹ̀, ó sì wọ Kútọnú.

Nígbà tó fi máa di 1989, àwọn báńkì ìjọba ti wó. Ẹni tó fowó pamọ́ kò rí i gbà, àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba lo oṣù púpọ̀ láìgba owó oṣù. Àwọn olùkọ́ yanṣẹ́ lódì, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì bọ́ sí títì. Ilẹ̀ Faransé àti Báńkì Àgbáyé ní àwọn kò ní yá ìjọba náà lówó mọ́ àfi tó bá yí ìwà padà. Ní ọjọ́ 7 oṣù kejìlá 1989, Kérékou kéde pé ìjọba ti kọ ìlànà Marx àti Lenin sílẹ̀, ó sì ní kí gbogbo ìlú wá jókòó àpérò.

Àpérò náà bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 19 oṣù kejì 1990 ní òtẹ́ẹ̀lì PLM Alédjo ní Kútọnú, ó sì parí ní ọjọ́ 28. Nǹkan bí 500 aṣojú ló pé síbẹ̀: àwọn Ààrẹ àná tí ológun ti lé kúrò, àwọn olórí ẹ̀sìn, òṣìṣẹ́, akẹ́kọ̀ọ́, àgbẹ̀, ọmọ ogun, àti àwọn tó dé láti òkè òkun. Isidore de Souza, bíṣọ́ọ̀bù ìjọ Kátólíìkì, ni alága. Rédíò gbé ìjókòó náà sáfẹ́fẹ́ bó ṣe ń lọ, débi pé ẹni tó wà lóko àti ẹni tó wà lọ́jà ń gbọ́ bí wọ́n ṣe ń ka àṣìṣe ìjọba síta níṣojú ẹni tó ń ṣèjọba. Ìmọ̀ràn lásán ni ìjọba ní lọ́kàn nígbà tó pè wọ́n; ṣùgbọ́n àwọn aṣojú fẹnu kò pé ọwọ́ àpérò ni àṣẹ ìlú wà, pé ohunkóhun tí àwọn bá pinnu, dandan ni. Kérékou gbà, ìbọn kan kò sì dún. Láàárín ọdún tó tẹ̀ lé e, Togo, Niger àti Congo náà ṣe irú àpérò bẹ́ẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé tiwọn kò lọ wọ́ọ́rọ́wọ́ bíi ti Kútọnú.

Ẹni tí àpérò yàn ṣe olórí ìjọba fún ọdún kan ni Nicéphore Soglo, ọkọ Rosine. Onímọ̀ ètò ìṣúná ni, ó kàwé ní ilẹ̀ Faransé, ó sì ti ṣiṣẹ́ ní Báńkì Àgbáyé. Ìdí tí wọ́n fi mú un kò ṣòroó rí: ó mọ ọ̀nà ibi tí owó wà, kò sì jẹun lábẹ́ PRPB. Ní ọjọ́ 2 oṣù kejìlá 1990, àwọn ará ìlú dìbò gba ìwé òfin ilẹ̀ tuntun. Òfin náà fi gbèdéke sí iye ìgbà tí ènìyàn lè ṣe Ààrẹ, ó ní ẹni tó bá ti lé ní ọmọ 70 ọdún kò lè dupò náà, ó sì dá ilé-ẹjọ́ kan sílẹ̀ tí yóò máa ṣọ́ ìwé òfin ilẹ̀ fúnra rẹ̀.

Òfin ẹgbẹ́ òṣèlú ti jáde ṣáájú ìyẹn, ní ọjọ́ 13 oṣù kẹjọ 1990. Ìbẹ̀rù tó wà lọ́kàn àwọn tó kọ ọ́ ni pé kí ẹ̀yà má tún di ẹgbẹ́. Kí Kérékou tó dé, aṣíwájú mẹ́ta ló pín Dàhómì mọ́ra wọn lọ́wọ́: Apithy ní Àjàṣẹ́, Ahomadégbé ní ìhà Abomey, Maga ní àríwá, ìjà wọn ló sì ń fún ológun láyè. Nítorí náà òfin béèrè pé kí àwọn olùdásílẹ̀ ẹgbẹ́ wá láti gbogbo ẹkùn. Síbẹ̀ ẹgbẹ́ pọ̀ bí eéṣú. Ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin tí wọ́n dìbò yàn ní oṣù kejì 1991 ní ìjókòó 64, àwọn tó sì rí jù nínú gbogbo wọn, ìyẹn àjọṣe ẹgbẹ́ mẹ́ta tó ń ti Soglo lẹ́yìn, kò ní ju 12 lọ. Ní oṣù tó tẹ̀ lé e, Soglo na Kérékou nínú ìdìbò Ààrẹ pẹ̀lú ìdá 67.7 nínú ọgọ́rùn-ún. Ó ní ìbò ìlú, kò ní ọmọ ilé ìgbìmọ̀.

Ibi tí Rosine Soglo ti wọ inú ìtàn nìyẹn. Ouidah ni wọ́n bí i sí, ní ọjọ́ 7 oṣù kẹta 1934, nínú ìdílé Vieyra. Àgùdà ni wọ́n: orúkọ bíi Vieyra, de Souza àti d'Almeida dúró ní Ouidah àti Àjàṣẹ́ bí da Rocha àti Pereira ṣe dúró ní Pópó Àgùdà l'Ékòó. Láti ọ̀rúndún kọkàndínlógún ni irú ìdílé bẹ́ẹ̀ ti ń rán ọmọ lọ síléèwé, tí wọ́n sì ń ṣe òwò òkè òkun. Rosine kàwé òfin ní ilẹ̀ Faransé, iṣẹ́ òfin ló sì yàn láàyò. Ó ti fẹ́ Nicéphore kí Dàhómì tó gba òmìnira ní 1960. Nígbà tí ọkọ rẹ̀ di Ààrẹ, ó dá àjọ aláàánú kan sílẹ̀ tó ń jẹ́ Vidolé, tó ń ṣètọ́jú àwọn ọmọdé. Iṣẹ́ tí àwọn èèyàn retí lọ́wọ́ ìyàwó Ààrẹ nìyẹn. Kò jókòó síbẹ̀.

Òótọ́ tó rí, tí ọkọ rẹ̀ kò tíì fẹ́ rí, ni pé Ààrẹ tí kò ní ẹgbẹ́ yóò máa tọrọ òfin kọ̀ọ̀kan bí ẹni tó ń ṣagbe. Soglo gbà pé òun dúró fún gbogbo ìlú, pé ẹgbẹ́ yóò sọ òun di ti apá kan. Èrò tó lọ́lá ni. Ṣùgbọ́n nínú ilé ìgbìmọ̀, àwọn tó ń dìbò fún un lónìí lè kọ̀ ọ́ lọ́la, torí kò sí ohun tó so wọ́n mọ́ ọn. Ní 1992, àwọn aṣòfin kan kó ara wọn jọ lẹ́yìn rẹ̀, iye wọn tó láti borí. Kí 1993 tó parí, àjọṣe náà ti tú. RB ti wà nílẹ̀ nígbà náà. Rosine ti forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ lábẹ́ òfin ọdún 1990, ó ti wá àwọn olùdásílẹ̀ láti ẹkùn gbogbo, ó sì jẹ́ ààrẹ ẹgbẹ́ fúnra rẹ̀. Kì í ṣe ẹgbẹ́ àwọn obìnrin. Ẹgbẹ́ gbogbogbòò ni, obìnrin ni olórí, àwọn ọkùnrin tó ti ṣe mínísítà sì jókòó lábẹ́ rẹ̀. Ní ilẹ̀ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde nínú ọdún 17 ìjọba ológun, nǹkan kékeré kọ́ nìyẹn.

Ọdún 1992 yìí kan náà ni Hanna Suchocka, tó jẹ́ onímọ̀ òfin, di olórí ìjọba ní Poland. Bí ètò ẹlẹ́gbẹ́ kan ṣe ń wó ní Yúróòpù àti Áfíríkà, ìwé òfin ilẹ̀ tuntun ni gbogbo ìlú ń kọ, ẹni tó bá sì mọ òfin ló mọ ẹnu ọ̀nà. Àwọn tó mọ òfin lára obìnrin Benin kì í ṣe Rosine nìkan. Láti 1990 ni àwọn amòfin obìnrin ti kó ara wọn jọ sínú ẹgbẹ́ kan tí wọ́n ń pè ní AFJB. Grâce d'Almeida tó wà lára wọn di mínísítà ìdájọ́ ní 1995.

Ní oṣù kìn-ín-ní 1994, wọ́n dín iye owó sẹ́fà kù sí ìlàjì. Láàárọ̀ ọjọ́ kan, ohun tí wọ́n ń rà láti òkè òkun di ìlọ́po méjì iye rẹ̀. Owó oṣù kò gòkè bẹ́ẹ̀, ojú ìlú sì kọ́rẹ́ sí Soglo. Ọdún yẹn ló juwọ́ sílẹ̀, tó wọ RB, tí wọ́n sì fi í ṣe olórí ẹgbẹ́. Rosine sún fún un. Ní oṣù kẹta 1995, ilé ìgbìmọ̀ tuntun tí ìjókòó rẹ̀ jẹ́ 83 ni wọ́n dìbò fún. RB kó nǹkan bí 20, ó sì ju gbogbo ẹgbẹ́ yòókù lọ, ṣùgbọ́n àpapọ̀ àwọn alátakò ló ní ilé ìgbìmọ̀. Rosine wọlé gẹ́gẹ́ bí aṣòfin. Ìyàwó Ààrẹ tó tún jẹ́ aṣòfin tí ìlú dìbò yàn: àwọn kan yìn ín, àwọn púpọ̀ kùn.

Ìkùnsínú náà ní ìdí. Désiré Vieyra, arákùnrin Rosine, wà lára àwọn mínísítà tó lágbára jù nínú ìjọba. Ọkọ ni Ààrẹ ìlú àti olórí ẹgbẹ́, ìyàwó ni olùdásílẹ̀ ẹgbẹ́ àti aṣòfin, àna jẹ́ mínísítà. Àwọn alátakò ní ìlú ti di ogún ìdílé, ọ̀rọ̀ náà sì wọ etí àwọn èèyàn tí ẹgbẹ́ kan ṣoṣo ti fìyà jẹ. Rosine kò mọ bí wọ́n ṣe ń fi ọ̀rọ̀ pamọ́ sábẹ́ ahọ́n. Ohun tó bá wà nínú rẹ̀ ló máa ń sọ, níwájú ọ̀rẹ́ àti ọ̀tá. Ìwà yìí ló mú kí àwọn ọmọ ẹgbẹ́ fẹ́ràn rẹ̀, òun náà ló sì lé àwọn alájọṣe tí Soglo nílò sẹ́yìn.

Ìdìbò Ààrẹ oṣù kẹta 1996 ni ìdánwò ńlá. Ní ìpele kìn-ín-ní, Soglo ní ìdá 35.7, Kérékou tó padà wá ní 33.9. Adrien Houngbédji ará Àjàṣẹ́ àti Bruno Amoussou, tí wọ́n ti bá Soglo ṣe ní 1991, kọjá sọ́dọ̀ Kérékou. Ní ìpele kejì, ní ọjọ́ 18 oṣù náà, Kérékou ní ìdá 52.5, Soglo 47.5. RB kò gbà. Wọ́n ní ojúṣàájú wà nínú rẹ̀, wọ́n sì gbé ẹjọ́ lọ síwájú ilé-ẹjọ́ tó ń ṣọ́ ìwé òfin ilẹ̀. Ààrẹ ilé-ẹjọ́ náà ni Élisabeth Pognon, adájọ́ obìnrin. Ilé-ẹjọ́ náà kò tíì pé ọdún mẹ́ta nígbà yẹn, ẹni tó wà lórí àga ni wọ́n ń sọ fún pé kó dìde. Ó ka èsì náà síta bó ṣe wà, Soglo sì gbé ìjọba sílẹ̀. Ní ọjọ́ 4 oṣù kẹrin 1996, Kérékou búra. Bí a bá ń wá ohun tí àpérò 1990 bí, ibí yìí ló hàn kedere jù: Ààrẹ tó wà lórí oyè fìdí rẹmi nínú ìdìbò, ó sì lọ sílé. Nàìjíríà kò rí irú rẹ̀ títí di 2015.

Lẹ́yìn ìjákulẹ̀ yẹn, ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ tí Ààrẹ kan dá sílẹ̀ ní Áfíríkà ìbá ti tú ká. RB kò tú, torí pé kì í ṣe Ààrẹ ló dá a sílẹ̀. Ní 1999, ó kó ìjókòó 27 nínú 83, iye tó pọ̀ jù tó ní rí, àwọn alátakò sì fi ìjókòó 42 gba ilé ìgbìmọ̀. Kútọnú, Ouidah àti agbègbè Abomey ni odi agbára rẹ̀. Ibẹ̀ náà ni ààlà rẹ̀: ní àríwá àti ní ìhà Kétu àti Pọ́bẹ̀, níbi tí àwọn ọmọ Yorùbá Benin wà, kò fìdí múlẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Ohun tí òfin 1990 fẹ́ yẹra fún kò kúkú lọ.

Ní 2001, Soglo tún jáde, ó ní ìdá 27, ó sì yọ orúkọ rẹ̀ kúrò ní ìpele kejì pé èrú wà nínú ìdìbò náà. Houngbédji tó ṣìkẹta náà yọ tirẹ̀. Ọdún yẹn ni amòfin mìíràn, Marie-Élise Gbèdo, di obìnrin àkọ́kọ́ tó dupò Ààrẹ ní Benin. Nígbà tí wọ́n dìbò ìjọba ìbílẹ̀ fún ìgbà àkọ́kọ́ lábẹ́ ètò tuntun, RB gba Kútọnú, Soglo sì jẹ́ méyọ̀ ìlú náà láti 2003 títí di 2015. Ọjọ́ orí kò jẹ́ kó lè dupò Ààrẹ ní 2006. Ọmọ rẹ̀, Léhady, ni ẹgbẹ́ fà kalẹ̀. Ó ṣe ipò kẹrin pẹ̀lú ìdá bíi 8, Boni Yayi ará Tchaourou ló sì wọlé.

Léhady yìí kan náà ló di olórí ẹgbẹ́ lẹ́yìn-ọ̀rẹyìn, òun náà ló sì gba ipò méyọ̀ Kútọnú lẹ́yìn bàbá rẹ̀ ní 2015. Ìyá, bàbá, ọmọ: ní nǹkan bí ọdún 25, àga olórí RB kò jáde kúrò nínú ilé kan. Àwọn ọ̀dọ́ tó lóye, tí wọn kì í ṣe Soglo, rí i pé àwọn kò lè débẹ̀, wọ́n sì ń lọ lọ́kọ̀ọ̀kan. Àṣìṣe tó tóbi jù nínú ìtàn ẹgbẹ́ náà nìyí, ọwọ́ àwọn tó dá a sílẹ̀ ló sì ti wá. Ní 2011, RB ní láti dara pọ̀ mọ́ àwọn ẹgbẹ́ mìíràn nínú àjọṣe kan kó tó lè rí ìjókòó. Ní 2015, òun àti alájọṣe rẹ̀ kò ní ju ìjókòó 7 lọ.

Rosine fúnra rẹ̀ kò kúrò nílé ìgbìmọ̀ láti 1995 títí di 2019. Bí ọjọ́ orí rẹ̀ ṣe ń ga, iṣẹ́ kan bọ́ sí i lọ́wọ́ tí òfin fi fún ẹni tó dàgbà jù: òun ni yóò ṣe alága ìjókòó àkọ́kọ́, pẹ̀lú àwọn méjì tó kéré jù lọ́jọ́ orí bí akọ̀wé, títí wọn yóò fi yan olórí ilé. Ní oṣù karùn-ún 2015, ó ti pé ẹni 81 ọdún. Ó jókòó sí àga gíga, àwọn aṣòfin 83 ń dìde lọ́kọ̀ọ̀kan láti ju ìwé ìbò sínú àpótí. Nígbà tí wọ́n ka ìwé ìbò tán, Houngbédji, ẹni tó kọjá sọ́dọ̀ Kérékou ní 1996, ní 42. Komi Koutché, tí ìjọba Yayi fà kalẹ̀, ní 41. Ìbò kan ṣoṣo. Houngbédji ló sì gba àga náà lọ́wọ́ Rosine.

Ọdún méjì lẹ́yìn náà, lábẹ́ Ààrẹ Patrice Talon, ìjọba yọ Léhady nípò méyọ̀. Lionel Zinsou, tí Talon na nínú ìdìbò Ààrẹ 2016, ni RB ti tì lẹ́yìn. Lẹ́yìn èyí ni òfin tuntun dé. Èyí tó jáde ní oṣù kẹsàn-án 2018 sọ pé ẹgbẹ́ kan gbọ́dọ̀ ní olùdásílẹ̀ 15 ní ìjọba ìbílẹ̀ kọ̀ọ̀kan nínú 77, ìyẹn 1,155 lápapọ̀. 120 ni òfin àtijọ́ béèrè. Òfin ìdìbò sì ní ẹgbẹ́ tí kò bá rí ìdá 10 nínú ọgọ́rùn-ún ìbò gbogbo ìlú kò ní rí ìjókòó kankan, pé kó sì kọ́kọ́ fi mílíọ̀nù 249 owó sẹ́fà dógò. Àwọn tó ṣe é ní ẹgbẹ́ ti pọ̀ jù, òótọ́ sì wà nínú ìyẹn. Ṣùgbọ́n ní ọjọ́ 28 oṣù kẹrin 2019, ẹgbẹ́ méjì péré ni orúkọ wọn wà nínú ìwé ìbò, àwọn méjèèjì ló sì ń ti Ààrẹ lẹ́yìn. RB kò sí lára wọn. Èèyàn bíi mẹ́ta nínú mẹ́rin tó lẹ́tọ̀ọ́ láti dìbò ló jókòó sílé.

Rosine Vieyra Soglo kú ní ọjọ́ 25 oṣù keje 2021, ẹni ọdún 87. Ní ìdìbò ọjọ́ 8 oṣù kìn-ín-ní 2023, òfin ya ìjókòó 24 sọ́tọ̀ fún obìnrin nínú 109 tó wà nílé ìgbìmọ̀ báyìí. Obìnrin pọ̀ níbẹ̀ ju ti ìgbà tirẹ̀ lọ. Nínú àwọn ẹgbẹ́ ńlá tí wọ́n tipasẹ̀ wọn débẹ̀, kò sí èyí tí obìnrin dá sílẹ̀.